Ẹ̀gbọ́n Mi Nínú Igbó Hainault

Láti ọjọ́ tí mo ti dé, kò tíì sí ẹni tó kí mi káàbọ̀ tí kò wo ẹ̀yìn mi, bóyá ẹnìkan ṣì ń sọ̀ kalẹ̀ bọ̀ nínú ọkọ̀. "Àǹtí Wúrà ńkọ́?" Ìbéèrè yìí ni wọ́n fi ń pàdé mi ní ṣọ́ọ̀ṣì, òun náà ni wọ́n fi ń pàdé mi nídìí ẹ̀rọ ìlọta. Mo gbọ́ pé àwọn kan tilẹ̀ ń sọ ọ́ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pé mo lọ jẹ búrẹ́dì òyìnbó fún oṣù mẹ́ta, mo sì fi ẹ̀gbọ́n mi sílẹ̀ síbẹ̀. N kò bínú. Ẹ̀yin lẹ rán mi níṣẹ́. Ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe rí fún yín, kí ẹ tó dá mi lẹ́jọ́.

Ẹni tí kò bá mọ̀ wá, kó mọ̀ pé ọmọ ìyá mi ni Wúràọlá. Ọdún mẹ́jọ ló fi jù mí lọ, òun ló pọ̀n mí. Ó ti lé ní ogójì ọdún tó ti fi Ìjẹ̀bú-Igbó sílẹ̀ lọ sí Lọ́ńdọ̀nù. Pẹ́kàmù ló kọ́kọ́ gbé, níbi tó ti ń fọ ọ́fíìsì láàárọ̀, tó ń tọ́jú àwọn arúgbó lọ́sàn-án, kí ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo, Yétúndé, tó mú un lọ sọ́dọ̀ ara rẹ̀ ní Marks Gate, ní ìpẹ̀kun àríwá agbègbè Barking àti Dagenham. Ní ọdún tó kọjá ni Yétúndé bẹ̀rẹ̀ sí í pè mí. Ó ní ìyá òun ń kó kọ́kọ́rọ́ sínú fíríìjì. Ó ní ó ń pe òun ní Àbẹ̀kẹ́. Èmi ni Àbẹ̀kẹ́. Ẹbí pàdé, ẹ ní kí n lọ mú un wálé, kó wá fi ojú kan ilẹ̀ baba rẹ̀ kó tó gbàgbé pé òun ní ọ̀kan. Mo gbéra.

Ilé etí òpópónà

Ohun àkọ́kọ́ tí mo gbọ́ ní Marks Gate ni ariwo ọkọ̀. Òpópónà ńlá kan wà nítòsí ilé, ọkọ̀ kì í dá lórí rẹ̀ tọ̀sán tòru. Ó ń hó bí odò tó kún. Yétúndé ní tó bá yá n kò ní gbọ́ ọ mọ́. Oṣù mẹ́ta ni mo lò, mo ń gbọ́ ọ títí mo fi kúrò.

Àǹtí mi ló ṣílẹ̀kùn. Láti inú ọkọ̀ òfuurufú ni mo ti múra ohun tí mo máa sọ sílẹ̀ bí kò bá dá mi mọ̀. Ó wò mí láti orí dé ẹsẹ̀, ó ní, "Àbẹ̀kẹ́, o ti jẹun?" bí ẹni pé ìdí ẹ̀rọ omi ni mo ti ń bọ̀. Ọdún mọ́kànlá rèé tí a ti fojú kan ara wa kẹ́yìn. Mo bú sẹ́kún lẹ́nu ọ̀nà. Ó fi etí ìró rẹ̀ nu ojú mi.

"Ta ló nà ọ́?" ló bi mí.

Àwọn ará ibẹ̀ ní ìwà tiwọn. Ọkùnrin tó ń gbé ilé kejì rí mi lọ́jọ́ kejì, ó ní ṣé dáadáa ni mo wà. Mo dúró, mo bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé: bí orúnkún mi ṣe ń dùn mí, bí n kò ṣe rí oorun sùn, bí àwọn ará ilé ṣe ní kí n bá àwọn kí gbogbo ènìyàn. Kí n tó dé orí orúnkún kejì, ó ti wọlé, ó ti ti ilẹ̀kùn. Yétúndé rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀.

"Mummy Ìjẹ̀bú, kì í ṣe question! Ẹ kàn máa ní 'alright', kẹ́ ẹ máa lọ."

Ní ti oúnjẹ, mo jẹ ẹ̀wà kan tí wọ́n fi tòmátò àti ṣúgà sè sínú agolo. Ẹ̀wà aládùn! Mo gbé e mì nítorí pé ọmọ ló bù ú fún mi. Ṣùgbọ́n iṣu wà, gàrí wà, ata rodo wà nínú ṣọ́ọ̀bù àwọn ará wa. Ebi kọ́ ló yọ mí lẹ́nu níbẹ̀.

Ara tí kò balẹ̀ ló yọ mí lẹ́nu. Àǹtí mi kì í jókòó. Ó máa dìde lórí àga, ó lọ sídìí fèrèsé, ó lọ sí kíṣìnì, ó lọ sẹ́nu ọ̀nà, ó fọwọ́ kan ilẹ̀kùn tí Yétúndé ti tì, ó padà. Ó tún dìde. Oṣù kẹfà ni, oòrùn ibẹ̀ kì í fẹ́ wọ̀. Aago mẹ́sàn-án ìrọ̀lẹ́, ilẹ̀ ṣì mọ́ kedere, òun náà sì ń rìn. Nígbà tó fi di ọjọ́ kẹrin, èmi náà ti ń rìn. Bó ti ń lọ sí fèrèsé ni mo ń bọ̀ láti kíṣìnì. A wá ń pàdé ara wa láàárín pálọ̀ bí ọlọ́dẹ méjì tó ń ṣọ́ ilé kan náà.

"Àǹtí mi, kí lẹ ń wá?"

"Mo fẹ́ lọ ṣẹ́gi kí òjò tó dé."

Nínú ilé tó jẹ́ pé gáàsì ni wọ́n fi ń dáná.

Lọ́jọ́ Ìsinmi, ní Goresbrook

Ìjọ Aládùúrà tí àǹtí mi ń lọ ń pàdé nínú gbọ̀ngàn kan ní Goresbrook. Ẹ bọ́ bàtà yín lẹ́nu ọ̀nà bíi ti ilé, ṣùgbọ́n ẹ múra sílẹ̀ fún ilẹ̀ tútù. Níbẹ̀ nìkan ni mo ti rí i tó jókòó. Kò mọ ọjọ́, kò mọ oṣù, ṣùgbọ́n kò sí orin kan tí wọ́n dá tí kò gbè dé òpin, tòun ti àtẹ́wọ́ rẹ̀. Mo ń wo ẹnu rẹ̀, mo ń rò ó pé bí gbogbo ayé bá jẹ́ orin ni, ara rẹ̀ ì bá dá ṣáṣá.

Lẹ́yìn ìsìn, bí a ti ń jẹ ìrẹsì, àwọn ìyá ìjọ pagbo yí mi ká. Wọ́n ti gbọ́ ohun tí mo wá ṣe.

"Ẹ mú un lọ," ni ọ̀kan sọ. "Atẹ́gùn ilé á tún orí rẹ̀ ṣe. Kò sóhun tí òyìnbó mọ̀ nínú ọ̀rọ̀ yìí ju oògùn oorun lọ."

Ìyá kan tó jẹ́ ará Èkìtì, tí ohùn rẹ̀ ṣì dà bí ẹni tó kúrò níbẹ̀ lánàá, gbé ṣíbí rẹ̀ sílẹ̀. "Ilé kẹ̀? Ta ló kù nílé? Àwọn ọmọ tẹ́ ẹ fẹ́ kí wọ́n máa tọ́jú rẹ̀ gan-an, físà ni wọ́n ń wá." Ó wá kọjú sí mi. "Ẹ má bínú sí mi o, àbúrò. Ilé tẹ́ ẹ fẹ́ mú un lọ yìí, ṣé òun ló mọ̀ ọ́n àbí ẹ̀yin?"

Mo bu ìrẹsì sẹ́nu.

Igbó tí ẹnikẹ́ni kì í léni

Awakọ̀ bọ́ọ̀sì ni Yétúndé. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun ni ìsinmi rẹ̀ bọ́ sí lọ́sẹ̀ náà. Ó ní, "Ẹ jẹ́ ká mú un lọ sí forest. Ibẹ̀ nìkan lara rẹ̀ ti ń calm down."

Ẹ̀rù bà mí. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé lọ́dọ̀ tiwa, kò sẹ́ni tó kàn ń dédé wọ igbó. Ọdẹ ń wọ̀ ọ́, agégi ń wọ̀ ọ́, ẹni tó ń wá ewé àti ìgbín ń wọ̀ ọ́, ẹni tó sì ń sá fún nǹkan ń wọ̀ ọ́. Onítọ̀hún mọ ohun tó wá, tọ́wọ́ rẹ̀ bá ti tẹ̀ ẹ́, á yára jáde. Ṣùgbọ́n ní igbó Hainault, tí kò jìnnà sílé Yétúndé rárá, mo rí àwọn tí kò wá ohunkóhun. Wọ́n fa ajá lọ́wọ́. Wọ́n ti ọmọ nínú kẹ̀kẹ́. Wọ́n ń rìn lọ, wọ́n ń rìn bọ̀, wọ́n wá jókòó sórí igi tó ti wó, wọ́n ń jẹ búrẹ́dì. Kò sẹ́ni tó bi wá léèrè ohun tí a wá ṣe.

Ohun tó tún yà mí lẹ́nu ni àwọn igi náà. Ìsàlẹ̀ wọn nípọn bí àgbá omi, ṣùgbọ́n tí ẹ bá wò wọ́n dé ìwọ̀n ibi tí orí ènìyàn dé, wọ́n pín sí ẹ̀ka bíi mẹ́wàá tó nà sókè tààrà. Gbogbo wọn dúró bí ẹni tí wọ́n dá lọ́nà tó gbọ́wọ́ sókè. Mo rò pé àìsàn ló ṣe wọ́n.

Àǹtí mi yí padà lójú mi. Ẹsẹ̀ rẹ̀ tó ń wọ́ nílẹ̀ ní pálọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í yára. Ó ń tẹ̀ ba, ó ń ṣa ẹ̀ka gbígbẹ, ó ń fi wọ́n kan orúnkún rẹ̀ dá, ó tú gèlè orí rẹ̀, ó fi di ìdì igi bí ìyá wa ṣe ń dì í, ìdí rẹ̀ ńlá, orí rẹ̀ kékeré. Ẹni ọdún mẹ́rìndínlọ́gọ́rin! Ó gbé e rù. Èmi àti Yétúndé ń tẹ̀lé e lẹ́yìn bí ọmọ.

Ibẹ̀ ni òyìnbó arúgbó kan ti pàdé wa, ó tẹ́ẹ́rẹ́, ajá rẹ̀ aláwọ̀ ilẹ̀ sì ti dàgbà bíi tirẹ̀. Ó kí àǹtí mi ní orúkọ. Àǹtí mi fa igi kan yọ nínú ìdì, ó fún un. Ó fi ọwọ́ méjèèjì gbà á. Dẹ́rẹ́kì lorúkọ rẹ̀. Ó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ nílé-iṣẹ́ tí wọ́n ti ń ṣe mọ́tò ní Dagenham, ìyàwó rẹ̀ ti kú. Ó sọ fún mi pé òun ti ní igi tí àǹtí mi fún òun tó ẹ̀kún àpótí kan nílé, òun kò sì lè dá a nù.

Mo bi í léèrè àìsàn tó ń ṣe àwọn igi. Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní kò sí àìsàn kankan, ọwọ́ ènìyàn ni. Họ́ọ̀nbíìmù ni ó pe àwọn igi náà. Ó ní nígbà láéláé, àwọn obìnrin ilé Ọlọ́run kan ní Barking ló ni igbó náà, kí ó tó bọ́ sọ́wọ́ ọba. Ọba fẹ́ràn àgbọ̀nrín rẹ̀ ju ènìyàn lọ. Ṣùgbọ́n àwọn tálákà àyíká ní ẹ̀tọ́ kan tí ọba gan-an kò lè gbà: wọ́n lè da màlúù wọn síbẹ̀, wọ́n sì lè gé ẹ̀ka igi fún ìdáná, bí wọ́n kò bá ṣáà ti gé igi náà nídìí. Òkè orí ni wọ́n ti ń gé e, kí ẹran má bàa jẹ ọ̀mùnú rẹ̀. Ọdún díẹ̀, ẹ̀ka mìíràn á yọ, wọ́n á tún gé e. Gígé léraléra náà ni kò jẹ́ kí igi náà kú.

"Àwọn tálákà ló wá ni ín títí dòní?" ni mo bi í.

Ó mi orí. Ó ní ìjọba kan dìde lọ́jọ́ kan, ó ní igbó kò mú ohun kan wọlé, oko ló yẹ kí ibẹ̀ jẹ́. Wọ́n gbé ẹ̀rọ àti ṣéènì wá, wọ́n fa igi tu tigbòǹgbò-tigbòǹgbò. Wọ́n ní kò gbà wọ́n ju ọ̀sẹ̀ mélòó kan lọ. Igbó tó ti wà kí ẹnikẹ́ni tó mọ̀wé kọ! Èyí tó ṣẹ́kù, tí a dúró sínú rẹ̀ yìí, àwọn kan ló jà fún un lẹ́yìn náà tí wọ́n fi rà á padà.

"Fún ta?"

Dẹ́rẹ́kì wò mí bí ẹni tí ìbéèrè mi kò yé. Ó na ọ̀pá rẹ̀ sí Yétúndé, sí ajá rẹ̀, sí ẹ̀gbọ́n mi tó gbé igi rù, sí èmi pẹ̀lú. "Fún èyí," ló wí.

Mi ò lè sọ fún yín pé ọ̀rọ̀ náà dùn mọ́ mi nínú. Ńṣe ló ń rìn lára mi bí èèrà títí a fi délé, n kò sì fẹ́ sọ ìdí rẹ̀ fún ẹnikẹ́ni.

Ọjọ́ tí mo yíjú

Láti ìgbà náà, a ń lọ ní gbogbo ọjọ́ tí kò bá sí òjò. Tí Yétúndé bá wà lẹ́nu iṣẹ́, èmi ni mo ń mú un lọ. Ohun kan ṣoṣo ni Yétúndé bẹ̀ mí: "Mummy Ìjẹ̀bú, please, ẹ má fi ọwọ́ ẹ̀ sílẹ̀."

Ìparí oṣù keje ni, ọjọ́ kan tí ooru mú tí kò sì sí oòrùn. Fóònù mi dún. Olórí ẹbí ni. Ẹ má bínú, bàbá, mi ò dá yín lẹ́bi, ṣùgbọ́n ẹ̀yin lẹ pè. Ẹ ní ẹ ti kun yàrá, ẹ ti ra bẹ́ẹ̀dì, ìgbà wo ni mò ń mú un bọ̀? Atẹ́gùn ń fẹ́, n kò gbọ́ yín dáadáa, mo fi ọwọ́ di etí kejì, mo kọ ẹ̀yìn sí atẹ́gùn. Ọwọ́ tí mo fi di etí yẹn ni mo fi di ọwọ́ ẹ̀gbọ́n mi mú tẹ́lẹ̀.

Nígbà tí mo yíjú padà, kò sí ẹnìkan.

Ìró aláwọ̀ ewé ló ró lọ́jọ́ náà. Gbogbo ibi tí mo wò, aláwọ̀ ewé ni. Mo sáré lọ sápá ọ̀tún, mo sáré padà. Orúnkún mi gbàgbé pé òun ń dùn. Mo ń sọ pé, "Jésù, Jésù, Jésù," n kò mọ ohun tí mo tún lè sọ. Dẹ́rẹ́kì àti ajá rẹ̀ ni mo kàn. Kò bi mí ní ìbéèrè púpọ̀: ibo ni ẹ dúró sí, aṣọ wo ló wọ̀, ó ti tó ìṣẹ́jú mélòó? Ó gbé ohùn sókè, ó dá tọkọtaya kan dúró tí wọ́n ti ọmọ nínú kẹ̀kẹ́, ó dá ọ̀dọ́mọbìnrin méjì dúró tí wọ́n ń sáré ìdárayá. Àwọn ènìyàn tí kì í wo ojú ẹni nínú bọ́ọ̀sì! Ẹ wò ó, wọ́n pín ara wọn sí igbó bí ẹni pé ìyá tó bí wọn ló sọnù.

"Wúrà! Wúúrà!" Ahọ́n wọn kò gbé orúkọ náà dáadáa, ṣùgbọ́n ó ń dún láti apá mẹ́rẹ̀ẹ̀rin.

Wákàtí kan fẹ́rẹ̀ẹ́ lọ. Ọ̀kan nínú àwọn ọ̀dọ́mọbìnrin náà dé ọ̀dọ̀ mi, ó ń mí hẹlẹhẹlẹ. Ó ní, "Ìyá, kí ló dé tí ẹ̀yin kò pè é?"

Mo la ẹnu. Orúkọ rẹ̀ kò jáde.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ gbọ́njú ní Ìjẹ̀bú-Igbó mọ ìdí rẹ̀. Ìyá wa kò kọ́ wa ní ohun púpọ̀ nípa igbó, ṣùgbọ́n ó kọ́ wa ní èyí: a kì í pe orúkọ ènìyàn nínú igbó, nítorí o kò mọ ohun tó ń gbọ́. Ẹni tó bá sì gbọ́ orúkọ ara rẹ̀ níbẹ̀, kó fi ọwọ́ bo ẹnu, kó má jẹ́ ẹ, kó fara pamọ́ títí ohùn náà á fi kọjá. Mo ti fi ọdún mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n kọ́ àwọn ọmọ yín níwèé, mo jẹ́ díákónẹ́ẹ̀sì, síbẹ̀ n kò lè pe Wúràọlá láàárín igi. Ìgbà náà ló wá yé mi. Bí èmi tí orí mi pé kò bá lè pè é, òun tí ọkàn rẹ̀ ti padà di ọmọ ọdún mẹ́wàá, ṣé ó lè jẹ́ ẹ ni? Bí a ṣe ń pè é tó ni a ṣe ń lé e sá tó.

Mo di apá Dẹ́rẹ́kì mú. Mo ní kí ó bẹ̀ wọ́n kí wọ́n dákẹ́. Kí gbogbo wọn dákẹ́, jọ̀ọ́. Ó wò mí, ó rí i pé n kò ṣiwèrè, ó gbọ́wọ́ sókè. Wọ́n ń dákẹ́ lọ́kọ̀ọ̀kan títí igbó fi pa rọ́rọ́.

Ìyá wa ní bó ṣe ń ké sí wa nínú igbó láìpe orúkọ. Ó máa ń fi ọwọ́ méjèèjì ṣe ihò sẹ́nu, á ké e lẹ́ẹ̀mejì, ẹni tó bá gbọ́ á sì dáhùn lẹ́ẹ̀kan, á máa bọ̀. N kò tíì ké e láti ìgbà tí wọ́n ti sin ìyá wa. Mo fi ọwọ́ sẹ́nu.

"Hòòò-ú! Hòòò-ú!"

Ohùn mi fọ́. Ajá Dẹ́rẹ́kì yíjú wò mí. Ọkọ̀ òfuurufú kan ń kọjá lókè. Mo dúró kó lọ tán. Mo tún ké e.

"Hòòò-ú! Hòòò-ú!"

Láti apá òsì, níbi tí kò jìnnà sí wa rárá, níbi tí a ti kọjá bí ẹ̀ẹ̀mẹ́ta, ohùn kan dáhùn jẹ́ẹ́jẹ́.

"Hòòò-ú."

Ẹ̀yìn igi ńlá kan ló lóṣòó sí, láàárín gbòǹgbò méjì. Ó ti bọ́ bàtà rẹ̀, ó tò wọ́n sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn. Ọwọ́ rẹ̀ ṣì wà lẹ́nu rẹ̀.

"Àbẹ̀kẹ́, rọra," ló wí. "Àwọn kan ń pe orúkọ mi."

"Mo gbọ́ wọn, Àǹtí mi."

"Mi ò dá wọn lóhùn o."

"Ẹ ṣeun. Ẹ ṣeun gan-an."

Ọ̀dọ́mọbìnrin tó bi mí léèrè jókòó sílẹ̀, ó ń sunkún. Dẹ́rẹ́kì ṣí fúláàsìkì rẹ̀, ó bu tíì fún àǹtí mi, ó bù fún mi, ó fa búrẹ́dì oníwàràkàṣì rẹ̀ ya sí méjì. Wàràkàṣì yẹn ń rùn bí ìbọ̀sẹ̀. Mo jẹ ẹ́ tán.

Irun dídì

Mo lè fi ọ̀rọ̀ náà pamọ́ fún Yétúndé, ṣùgbọ́n n kò fi í pamọ́. Ó jókòó sórí àtẹ̀gùn pẹ̀lú aṣọ iṣẹ́ rẹ̀ lọ́rùn. "One thing, Mummy Ìjẹ̀bú. One thing ni mo ní kẹ́ ẹ ṣe fún mi." Ó wọ yàrá lọ. Lẹ́yìn náà ló gbé tíì wá bá mi, ó kúnlẹ̀ ní ìdajì bí àwọn ọmọ ibẹ̀ ṣe ń kúnlẹ̀, ó ní kí n má bínú. Mo ní òun ni kó má bínú. A jọ mu tíì náà.

Ní ọjọ́ kẹta, mò ń di irun fún àǹtí mi. Àárọ̀ ni, ojú rẹ̀ sì mọ́ bí omi tó ti tòrò. Ó ń rí bẹ́ẹ̀ nígbà mìíràn.

"Yétúndé ní o wá mú mi lọ sílé ni."

"Bẹ́ẹ̀ ni, Àǹtí mi."

"Igbó ìyá wa ńkọ́?"

Mo ń di irun lọ. Mo lè parọ́. Kò sẹ́ni tó máa mọ̀, òun gan-an kò ní rántí. Ṣùgbọ́n orí rẹ̀ wà lọ́wọ́ mi, mo sì ń ro ohun tí Dẹ́rẹ́kì wí.

"Wọ́n ti gé e," ni mo sọ. "Igi ọ̀gànwó àti arère lọ síbi tí wọ́n ti ń la pákó. Ilẹ̀ tó kù, ẹbí pín in sí pulọ́ọ̀tì."

"Gbogbo rẹ̀?"

"Gbogbo rẹ̀. Èmi náà gba ọ̀kan. Ilé tí mo fi fọ́tò rẹ̀ ránṣẹ́ sí yín, ibi tí a ti máa ń he ìgbín ni ìpìlẹ̀ rẹ̀ wà."

Ẹ mọ̀ pé òótọ́ ni. Gbogbo wa la fọwọ́ sí i. A ní igbó kò mú nǹkan kan wá. Kò sẹ́ni tó fi ẹ̀ka kan sílẹ̀ fún ẹni tó ń bọ̀ lẹ́yìn.

Mo di irun méjì sí i. N kò rí ojú rẹ̀.

"Ilé yẹn dára," ló wá sọ. "Mo rí i. Ó ní balíkónì." Lẹ́yìn náà ló béèrè, jẹ́ẹ́jẹ́, bí ẹni tó ń béèrè ọ̀nà: "Àbẹ̀kẹ́, kí wá lo fẹ́ mú mi lọ wò?"

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ kun yàrá, èsì wo ni ẹ̀ bá ní kí n fọ̀? Mo bá Yétúndé sọ̀rọ̀ nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà. A jọ sunkún, a sì pinnu pé kó dúró. Yétúndé dín iṣẹ́ rẹ̀ kù. Àwọn ìyá ìjọ pín ọjọ́ láàárín ara wọn láti máa mú un lọ rìn. Dẹ́rẹ́kì mú ọjọ́ Jímọ́ọ̀. Mo kọ́ gbogbo wọn bí wọ́n ṣe máa ké sí i. Ẹ̀ bá wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tí òyìnbó fi ọwọ́ ṣe ihò sẹ́nu! N kò ní purọ́ fún yín, inú mi dùn pé mò ń bọ̀ wálé, ojú sì ń tì mí pé ó dùn.

Òwúrọ̀ tó kẹ́yìn

Oṣù kẹsàn-án ni, àwọn ewé kan ti ń pọ́n. Ẹrù mi ti wà lẹ́nu ọ̀nà. Yétúndé ní kí a kọ́kọ́ mú un dé igbó kí òun tó gbé mi lọ síbi ọkọ̀ òfuurufú. Òjò ti rọ̀, ilẹ̀ ń yọ̀, mo di ọwọ́ ẹ̀gbọ́n mi mú.

Ó wo ọwọ́ mi. Ó fà á yọ pẹ̀lú ọ̀wọ̀, ó tún gèlè rẹ̀ ṣe, ó rẹ́rìn-ín sí mi bí a ṣe ń rẹ́rìn-ín sí ẹni tí a kò mọ̀.

"Ẹ káàárọ̀, Ìyá," ló wí.

Mo yíjú wo ẹ̀yìn, kí n mọ ẹni tó ń kí. Kò sẹ́nìkan lẹ́yìn mi. Ọdún méjìdínláàádọ́rin ni mo ti wà láyé, ẹ̀gbọ́n mi kò fi "ẹ" bá mi sọ̀rọ̀ rí.

"Ṣé ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ dé àdúgbò yìí ni?"

Yétúndé sún mọ́ wa. "Mummy, it's Àbẹ̀—" Mo mi orí sí i, ó dákẹ́.

"Bẹ́ẹ̀ ni, Mà," ni mo sọ. "Àlejò ni mí."

"Mo ti mọ̀. Ẹ ń wo igi bí ẹni tí ẹ̀rù ń bà." Ó wá na ọwọ́ rẹ̀ sí mi. "Ẹ má bẹ̀rù. Ẹnikẹ́ni kì í léni níbí. Ẹ máa bọ̀, ẹ jẹ́ kí n mú yín yíká."

Mo dì í mú, mo sì tẹ̀lé e.